Èmi Ni Mò Ń Pín In

Bí mo bá sọ fún àwọn ènìyàn pé mo ti gbé ìlú òkèèrè rí, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ máa ń bi mí ni pé ṣé Páárì ni àbí Lọ́ńdọ̀nù. Mo máa ń dá wọn lóhùn pé Ìmàṣàyí ni. Wọ́n á rẹ́rìn-ín. Ẹni tó bá gun ọ̀kadà kúrò ní Pọ́bẹ̀ wa yìí láàárọ̀, tó sọdá ibodè sí Nàìjíríà, á ti dé Ìmàṣàyí kí oòrùn tó mú, wọ́n á sì ní ṣé ìyẹn náà ni mò ń pè ní òkèèrè. Mo máa ń jẹ́ kí wọ́n rẹ́rìn-ín tán. Ibi tí wọ́n bá ti ń bi ọ́ ní ìlú tí o ti wá kí wọ́n tó bi ọ́ ní orúkọ rẹ, òkèèrè ni, ì báà jẹ́ ẹ̀yìnkùlé ilé yín.

Ọkọ mi kú nígbà tí ọmọ wa, Àdùkẹ́, wà ní ọmọ ọdún mẹ́rin. Àwọn ẹbí ọkọ mi gba oko tí a jọ ń ro. Mo fi ọmọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìyá mi, mo ní kó fún mi ní ọdún kan, ọdún kan péré, màá ti rí ibi tí èmi àti ọmọ mi lè máa gbé, màá sì padà wá mú un. Torí ìyẹn ni mo ṣe lọ. Òun náà ni mò ń rò lójoojúmọ́ tí mo lò níbẹ̀.

Ohun tó kọ́kọ́ dùn mí ni pé Yorùbá tí mo mu mọ́ ọmú ìyá mi kò tó mi lò. Mo kí obìnrin kan lẹ́bàá ọ̀nà lọ́jọ́ tí mo débẹ̀. Ó dáhùn dáadáa, ó wá yíjú sí ẹnì kejì rẹ̀, ó ní, “Ará Kútọnu ni.” Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo dé Kútọnu láyé mi. Ara mi kò yá nígbà tí mo wà ní kékeré, wọ́n gbé mi lọ sí ilé ìwòsàn níbẹ̀, ògiri nìkan ni mo sì rí. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, Ará Kútọnu ni orúkọ mi. Tí mo bá ń ka nǹkan tí mo gbàgbé ara mi, tí mo ní “sẹ́ẹ̀tì, wíìtì,” bí wọ́n ṣe kọ́ wa láti máa kà á ní Faransé ní lékọ́ọ̀lù nílé, àwọn ọmọdé á ti bú sẹ́rìn-ín. Mo máa ń rẹ́rìn-ín pẹ̀lú wọn. Inú mi kì í dùn sí i rárá, mo kàn ń rẹ́rìn-ín ni.

Àgọ́ gàrí ni mo ti rí iṣẹ́. Obìnrin méje la jẹ́ níbẹ̀. Olórí wa ni Màmá Ṣọlá, opó tíṣà kan tó ti kọ́ni ní ilé ẹ̀kọ́ ìjọ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Màmá ti lé ní ọgọ́ta ọdún, ohùn rẹ̀ kò sì ga, síbẹ̀ kò sẹ́ni tó ń mú un sọ ọ̀rọ̀ kan lẹ́ẹ̀mejì. Yàrá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tirẹ̀ ló fún mi, ó ní kí n máa sùn níbẹ̀ títí ọmọ mi á fi dé.

Àwọn tó ń ra gàrí lọ́jà kò mọ ohun tí iṣẹ́ náà ń ṣe fún ẹ̀yìn ènìyàn. Láti kùtùkùtù ni a ti máa bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ tí a máa ń bó ẹ̀gẹ́. Lẹ́yìn náà la máa rù ú lọ síbi ẹ̀rọ ìlọta, a máa kó o sínú àpò, a máa fi jáàkì tẹ omi rẹ̀ jáde, a máa sẹ́ ẹ. Lẹ́yìn gbogbo ìyẹn ni yíyan gàrí fúnra rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ kàn. Ẹni tó ń yan gàrí máa ń jókòó ti iná láti àárọ̀ di ìrọ̀lẹ́, èéfín ní ojú rẹ̀, ọwọ́ kan kò sì gbọ́dọ̀ dúró, nítorí bó bá dúró gàrí á jó. Ní ọ̀sẹ̀ kejì ẹ̀yìn mi kọ̀. Mo dìde, mi ò lè nàró.

Màmá rí mi. Ó fi hóró oògùn kan sí mi lọ́wọ́, ó ní, “Gbé e mì. Oògùn ẹ̀yìn ni. Gbogbo wa là ń lò ó.”

Mi ò bi í ní nǹkan kan. Kí n tó mu ẹ̀kọ mi tán, ìrora náà ti lọ, ara mi fúyẹ́, inú mi dùn láìnídìí. Tramadó ni oògùn náà. Mi ò fi orúkọ rẹ̀ pamọ́ fún yín, torí orúkọ náà wà nínú ìwé tí wọ́n fi pè mí lẹ́jọ́. Ní àgọ́ wa, oògùn ẹ̀yìn la máa ń pè é, bí ẹni ń sọ̀rọ̀ iyọ̀.

Ẹni tó bá kéré jù ní àgọ́ ni wọ́n ń rán níṣẹ́. Bó ṣe rí ní ọ̀dọ̀ tiwa náà nìyẹn, kò sì yà mí lẹ́nu. Kí n tó dé, Ìyá Kafáyá ló kéré jù, obìnrin elẹ́rìn-ín kan tí ààrò rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tèmi. Nígbà tí mo dé, ó bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó bọ́ sí mi lọ́wọ́. Èmi ni mò ń pọn omi. Èmi ni mò ń gbálẹ̀. Nígbà tó pé oṣù mẹ́ta, Màmá gbé àpò oògùn náà fún mi. Lọ́jọ́ ọjà, èmi ni mò ń lọ sí Ayétòrò, sí ọ̀dọ̀ ọkùnrin kan tó ń ta ọṣẹ àti bisikíìtì, tó máa ń na ọwọ́ sábẹ́ ẹní láti mú káàdì oògùn náà jáde. Mo máa ń so àpò náà mọ́ ìdí lábẹ́ ìró mi. Láràárọ̀, kí a tó dáná, màá kúnlẹ̀, màá pín in, láti orí Màmá títí dé orí Ìyá Kafáyá, èmi ni màá sì gba tèmi kẹ́yìn.

Ẹ má fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Inú mi dùn sí àpò yẹn. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí wọ́n gbé e fún mi, mo pe ìyá mi.

“Wọ́n ti gbé oògùn wọn fún mi tọ́jú,” mo sọ fún un.

“Tó bá rí bẹ́ẹ̀, wọ́n ti gbà ẹ́ lọ́mọ nìyẹn,” ìyá mi fèsì. “Wọn ò lè gbé e fún ẹni tí wọn ò fọkàn tán.”

Àdùkẹ́ gba fóònù lọ́wọ́ rẹ̀. “Màmá, mètírẹ́sì tó ń kọ́ wa ní mo mọ̀wé. Ìgbà wo lẹ ń bọ̀ wá mú mi?”

Mo ní tí wọ́n bá ti gba ìsinmi gígùn. Òótọ́ ni mo sọ fún un. Màmá Ṣọlá ti mú mi lọ rí ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ tí ọkọ rẹ̀ ti ṣiṣẹ́, ọ̀gá náà sì ti gbà pé òun á fi ọmọ náà sí kíláàsì kìíní.

Ọjọ́ Ìsinmi ni mò ń bẹ̀rù jù. Ní ìjọ wọn, bí wọ́n bá kí ìjọ tán, wọ́n á ní kí àwọn àlejò dìde kí wọ́n lè kọrin fún wọn. Oṣù kẹrin rèé, ẹni tó ń ṣe ìfilọ̀ ṣì ń wo ọ̀dọ̀ mi, mo ṣì ń dìde, wọ́n ṣì ń kọrin ìkíni káàbọ̀ fún mi bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀. Lọ́jọ́ kan mo tún ti fẹ́ dìde nígbà tí Màmá fa ìró mi. “Jókòó,” ó ní, kò tilẹ̀ wojú mi. “Ìwọ kì í ṣe àlejò.” Mo jókòó. Mi ò gbọ́ nǹkan kan nínú ìwàásù ọjọ́ náà. Mo kàn jókòó síbẹ̀, mò ń gbádùn ìjókòó.

Ọjọ́ Ẹtì ni wọ́n dé. Wọ́n ti kọ́kọ́ mú ọkùnrin Ayétòrò náà, òun ló sì júwe ọ̀dọ̀ wa. Ọkùnrin mẹ́rin sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀ kan, wọ́n ní òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń gbógun ti oògùn olóró ni àwọn. Gàrí wà lórí iná. Ọ̀gá wọn dúró láàárín àgọ́, ó ní, “Ta ló ni oògùn tí ẹ ń lò níbí?”

Màmá ń wo ilẹ̀. Mo fẹ́ kí ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà yé yín, torí èrò tí mo ti rò jù nìyẹn. Bí àjèjì bá wọlé tó fi ohùn líle béèrè ọ̀rọ̀ níwájú àgbà, ẹni tó kéré jù ló yẹ kó dáhùn. Kò yẹ kí wọ́n jẹ́ kí àgbà máa ro ẹjọ́ fún ọmọkùnrin tó lè bí lọ́mọ. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi nìyẹn, bí wọ́n sì ṣe ń ṣe ní Ìmàṣàyí náà nìyẹn. Mo kúnlẹ̀. Mo tú àpò náà nídìí mi, mo fi ọwọ́ méjèèjì nà án sí i.

“Ẹ má bínú, sà,” mo ní. “Ọ̀dọ̀ mi ló wà. Èmi ni mò ń pín in.”

Ọkùnrin náà wò mí pẹ́. Ó ní kí n tún un sọ. Mo tún un sọ, ẹnì kejì rẹ̀ sì kọ ọ́ sílẹ̀. Wọ́n bi mí ní ìlú mi. Kí n tó dáhùn, ohùn kan láàárín wa ní, “Ará Kútọnu ni.” Mi ò mọ ẹni tó sọ ọ́ títí di òní, mi ò sì rò pé ó ní i lọ́kàn láti ṣe mí níbi. Ó ti mọ́ wọn lẹ́nu ni. Èmi nìkan ni wọ́n mú lọ.

Lọ́jọ́ kejì ní àtìmọ́lé, òógùn bẹ̀rẹ̀ sí í bò mí. Mò ń gbọ̀n, inú ń run mí, imú mi ń ṣomi, gbogbo egungun mi ń ké. Mo rò pé ibà ni. Obìnrin kan tí wọ́n jọ tì wá mọ́lé wò mí, ó ní, “Kì í ṣe ibà. Oògùn tó o ti ń lò ló ń wá ẹ.” Mo bá a jiyàn. Mo ní oògùn ẹ̀yìn ni. Ó kàn yíjú sí ògiri. Ọjọ́ mẹ́fà ni mo fi mọ̀ pé òótọ́ ló sọ, ìtìjú sì mú mi ju ìgbà tí wọ́n fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ sí mi lọ́wọ́ lọ.

Wọ́n gbé mi lọ sí Abẹ́òkúta, ọgbà ẹ̀wọ̀n sì ni mo ti ń dúró de ẹjọ́. Lọ́yà tó gba ọ̀rọ̀ mi jẹ́ obìnrin ará Ìlaròó kan, tó ń ṣe é lọ́fẹ̀ẹ́ fún àwọn tí kò ní ẹni. Ó ṣí ìwé síwájú mi.

“Nǹkan méjì ni wọ́n kà sí yín lọ́rùn,” ó ní. “Àkọ́kọ́, wọ́n bá oògùn tí òfin kà léèwọ̀ lọ́wọ́ yín. Èkejì, ẹ̀ ń pín in fún ẹlòmíràn. Èkejì yìí ló le jù.”

“Mi ò tà á, mà. Mi ò jèrè kọ́bọ̀ lórí ẹ̀.”

“Òfin ò béèrè èrè. Ẹ ì báà fún èèyàn lọ́fẹ̀ẹ́, tó bá ti kúrò lọ́wọ́ yín bọ́ sí ọwọ́ ẹlòmíràn, pípín ni. Ẹnu yín lẹ sì fi sọ ọ́.”

“Wọ́n rán mi ni.”

“Ta ló rán yín?”

Ó dúró, ó tún dúró, ó wá pa ìwé rẹ̀ dé. “Bí ẹ bá sọ ẹni náà, mo lè bá wọn sọ ọ́ kí wọ́n yọ èkejì kúrò. Bí ẹ ò bá sọ ọ́, ọmọ yín lè ti dàgbà kẹ́ ẹ tó jáde.”

Ó yá mi ní fóònù rẹ̀ kí n fi pe ilé. Mo sọ fún Àdùkẹ́ pé iṣẹ́ pọ̀ lọ́wọ́ mi. Ó ní ìsinmi gígùn ti tán, wọ́n ti wọlé padà. Ó sọ ọ́ wẹ́rẹ́, kò bá mi jà, èyí tó dùn mí ju ìjà lọ.

Oṣù mẹ́ta gbáko ni mo fi dákẹ́. Mo dákẹ́ torí àpò tí wọ́n gbé fún mi, torí yàrá, torí ọwọ́ tó fa ìró mi ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo máa ń sọ fún ara mi pé ọmọ ilé kì í tú àṣírí ilé. Àwọn tí wọ́n jọ tì wá mọ́lé máa ń wò mí bí òmùgọ̀, mi ò sì dá wọn lẹ́bi. Nígbà mìíràn èmi náà kì í mọ̀ bóyá ìfẹ́ ni àbí mo kàn ń bẹ̀rù pé tí mo bá sọ̀rọ̀, mi ò ní jẹ́ ọmọ ẹnikẹ́ni mọ́ ní ìlú yẹn.

Màmá Ṣọlá wá wò mí ní oṣù kẹrin. Òun àti Ìyá Kafáyá ló wá, wọ́n gbé gàrí àti ẹja díndín dání. Ó ti rù. Ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, òógùn sì wà ní iwájú orí rẹ̀. Mo mọ ohun tó ń ṣe é, torí ó ti ṣe mí. Ó ti jáwọ́ nínú oògùn náà nìyẹn, tàbí kò rí i rà mọ́. Ó sunkún díẹ̀, ó nu ojú rẹ̀, ó wá sọ ohun tó bá wá.

“Ìyá Àdùkẹ́, mo bẹ̀ ẹ́, má dárúkọ mi. Mo ti dàgbà, ẹ̀wọ̀n á pa mí. Ìwọ, àlejò lo jẹ́. Tí wọ́n bá ṣe é ṣe é, wọ́n á ní kó o máa lọ sílé ẹ ni. Àwa ńkọ́? Ibí nilé wa.”

Ìyá Kafáyá wo ilẹ̀. Mo ní mo ti gbọ́, mà. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn fún ẹja. Wọ́n lọ.

Mi ò jẹ ẹja náà. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló dúró sí mi létí. Ká ní ó sọ pé, “Ọmọ mi, bá mi rù ú,” ǹ bá rù ú. Mo fi orí ọmọ tí mo bí búra fún yín, ǹ bá rù ú dópin. Ṣùgbọ́n àlejò ló pè mí. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì mo ní kí wọ́n bá mi pe lọ́yà. Mo sọ orúkọ Màmá fún un, mo sọ orúkọ bàbá tó bí i, mo júwe ilé, mo sọ iye ìgbà tó rán mi lọ sí Ayétòrò. Mo sọ fún ara mi pé nítorí Àdùkẹ́ ni. Nítorí rẹ̀ ni lóòótọ́. Ẹ jẹ́ n sọ ìyókù: inú ń bí mi, ó sì dùn mọ́ mi nínú bí mo ṣe ń sọ ọ́.

Wọ́n yọ ẹ̀sùn kejì kúrò. Adájọ́ ní oṣù tí mo ti lò tó fún àkọ́kọ́. Wọ́n mú mi dé ẹnu ibodè, wọ́n ní kí n máa lọ sílé mi, bí Màmá ṣe sọ gẹ́lẹ́.

Àdùkẹ́ sá sẹ́yìn ìyá mi nígbà tó rí mi. Odindi ọjọ́ kan ló fi ń yọjú wò mí. Ní ọjọ́ kejì ó wá jókòó tì mí láìsọ̀rọ̀, ó gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ lé ẹsẹ̀ mi. Mo ti kọ́ ààrò sí ẹ̀yìnkùlé báyìí, mò ń yan gàrí, àwọn ènìyàn sì ń ti ìgboro wá rà á, wọ́n ní gàrí Nàìjíríà ni. Èmi ni wọ́n ń pè ní Ìyá Nàìjíríà, ní ìlú tí wọ́n gbé bí mi. Ẹ̀yìn ń dùn mí lójoojúmọ́. Omi gbígbóná ni mò ń fi jó o, mi ò sì gbé nǹkan kan mì.

Ìyá Kafáyá nìkan ló ṣì ń pè mí. Ó pè lọ́sẹ̀ tó kọjá, ní ọ̀sán, mò ń sẹ́ gàrí lọ́wọ́.

“Wọ́n ti dá ẹjọ́ Màmá,” ó ní. “Ọdún méjì.”

Mo ní ṣé ara wọn le.

“Kò le. Ṣùgbọ́n nǹkan kan wà tí mo ní kí n sọ fún ẹ. Lọ́yà ìjọba bi Màmá pé kí ni ìwọ jẹ́ sí wọn. Lọ́yà tiwọn gan-an ti kọ́ wọn pé kí wọ́n ní àwọn ò mọ̀ ẹ́ dáadáa, pé ará Kútọnu kan tó wá ṣiṣẹ́ ni. Bóyá adájọ́ ì bá fi wọ́n sílẹ̀ ká ní wọ́n sọ bẹ́ẹ̀.”

“Kí ni wọ́n wá sọ?”

Ìyá Kafáyá, ẹni tí kì í pẹ́ rẹ́rìn-ín, ti ń sunkún. “Wọ́n ní, ‘Ọmọ mi ni. Èmi ni mo rán an, ó sì jẹ́ iṣẹ́ tí mo rán an. Mo bẹ̀ yín, ẹ má wá a lọ mọ́.’ Wọ́n wá jókòó.”

Mo gbé fóònù sílẹ̀. Ìyá mi wà nídìí ààrò, ó ń koná. Àdùkẹ́ rí ojú mi, ó ní ta ló pè. Mo ní nítorí ọ̀rọ̀ ìyá mi ni wọ́n ṣe pè.

Ó wo ẹ̀yìn rẹ̀, ó nawọ́ sí ìdí ààrò. “Ìyá àgbà nìyẹn, Màmá. Kò sí nǹkan tó ṣe wọ́n.”

“Kì í ṣe ìyẹn,” mo ní. “Èyí tí mo fi sẹ́wọ̀n ni.”